Òmìnira inú: ìbéèrè tí wọ́n ń bi mí ní ṣọ́ọ̀bù àti ohun tí mo máa ń fèsì

Àdìrẹ ni mò ń rẹ tí mo sì ń tà ní Ìtòkú, ní Abẹ́òkúta níbí, mo sì ń kọ́ ọmọ níṣẹ́. Lọ́jọ́ tí ọmọ iṣẹ́ mi tó pẹ́ jù lọ́dọ̀ mi ṣe fúrídọ́ọ̀mù, a gbàdúrà sí i lórí, a ya fọ́tò, a jẹ ìrẹsì, mo gbé sátífíkéètì fún un, gbogbo èèyàn ń pariwo pé o kú oríire, o ti gbòmìnira. Láàárọ̀ ọjọ́ kejì, aago mẹ́jọ ò tíì lù tó ti dé ṣọ́ọ̀bù, ó kúnlẹ̀ kí mi, ó ní "Àǹtí, kí ni kí n ṣe lónìí?" Mo kàn ń wò ó ni, ọ̀rọ̀ ò jáde lẹ́nu mi. Àtọjọ́ náà ni mo ti ń rò ó, mo ń sọ ọ́ fáwọn oníbàárà mi àti fáwọn ọmọ tó ń wá kọ́ṣẹ́, àwọn náà ń bi mí ní ìbéèrè, ìbéèrè wá pọ̀ débi pé mo kúkú jókòó kọ wọ́n sílẹ̀.

Kí ni òmìnira túmọ̀ sí gan-an?

Tẹ́ ẹ bá bi ọmọ iléèwé, á ní October 1, 1960. Tẹ́ ẹ bá bi télọ̀ tàbí mẹkáníìkì ní Abẹ́òkúta, ọjọ́ tí ọ̀gá ẹ̀ fún un ní sátífíkéètì ló máa sọ. Ẹni tó ṣẹ̀ṣẹ̀ ti ẹ̀wọ̀n dé máa ní ìtúsílẹ̀ ni. Gbogbo ẹ̀ ló tọ̀nà, àmọ́ ẹ wò ó dáadáa, gbogbo ẹ̀ ló ní ọjọ́ tó ṣẹlẹ̀, tó sì lẹ́ni tó fún èèyàn. Èyí tí mò ń sọ ò lọ́jọ́ kan pàtó, kò sì sẹ́ni tó lè bá yín fọwọ́ sí ìwé ẹ̀. Òmìnira inú lójú tèmi ni pé kí bẹ́ẹ̀ ni tó ń jáde lẹ́nu ẹ jẹ́ tìẹ, kí rárá náà jẹ́ tìẹ. Kó máà jẹ́ ẹ̀rù ló bá ẹ sọ bẹ́ẹ̀ ni, kó má sì jẹ́ ìbínú ló bá ẹ sọ rárá. Ó lè dà bí ohun kékeré, àmọ́ ẹ ṣọ́ ara yín fún ọjọ́ kan péré, ẹ ka iye bẹ́ẹ̀ ni tẹ́ ẹ sọ láti àárọ̀ ṣúlẹ̀ tí kò tinú yín wá.

Ṣebí kéèyàn máa ṣe ohun tó bá ti wù ú ni òmìnira?

Ọmọkùnrin kan wà tó máa ń jókòó síwájú ṣọ́ọ̀bù tẹ́tẹ́ lójú ọ̀nà ilé mi. Kò sẹ́ni tó ń rán an níṣẹ́, kò lọ́gàá, kò sí bàbá tó ń jágbe mọ́ ọn, àmọ́ tówó bá ti bọ́ sí i lọ́wọ́ báyìí, ẹsẹ̀ ẹ̀ á ti máa lọ kí òun fúnra ẹ̀ tó mọ̀ pé òun ti dìde. Ó sọ fún mi lọ́jọ́ kan, ojú ẹ̀ rẹ̀wẹ̀sì, ó ní "Àǹtí, mi ò fẹ́ ta á mọ́ o, ó kàn ń wù mí ta ni." Mo gbé ọ̀rọ̀ yẹn lọ sílé.

Torí ẹ wo èdè wa. A máa ń ní "ó wù mí", a tún máa ń ní "mo fẹ́". Nínú "ó wù mí", nǹkan yẹn ló ń ṣiṣẹ́, èmi ló ń ṣiṣẹ́ lé lórí. Nínú "mo fẹ́", èmi ni mò ń ṣiṣẹ́. Àwọn tó dá èdè yìí sílẹ̀ ti mọ̀ pé méjèèjì kì í ṣe ọ̀kan. Ẹni tó ń ṣe gbogbo ohun tó bá ti wù ú lè má tíì ṣe ohun tó fẹ́ rí láyé ẹ̀.

Kí ni ìyàtọ̀ láàárín òmìnira ìta àti tinú?

Tìta, òfin lè ṣọ́ ọ. Ìwé òfin Nàìjíríà ti 1999 kó o jọ sí orí kẹrin. Abala 34 ní kò sẹ́ni tó gbọdọ̀ fi èèyàn ṣẹrú, 38 sọ̀rọ̀ èrò ọkàn àti ẹ̀sìn, 41 sọ̀rọ̀ kéèyàn rìn síbi tó fẹ́. Èyí tó yẹ kí gbogbo yín há sórí ni 35: wọn ò gbọdọ̀ kàn mú èèyàn tì mọ́lé láìsí ìdí tó bófin mu, tí wọ́n bá sì mú un, tí kóòtù bá wà láàárín kìlómítà 40 síbẹ̀, ọjọ́ kan péré ni wọ́n ní láti fi gbé e dé kóòtù. Ẹ rántí pé kóòtù wà ní Ìsàbọ̀ níbí, ẹ má jẹ́ kí ẹnikẹ́ni sọ fọ́mọ yín pé kò sóhun tó burú nínú kí wọ́n tì í mọ́lé fọ́sẹ̀ kan.

Tinú, òfin ò débẹ̀. Àwọn àgbà ní bí a bá rán ni níṣẹ́ ẹrú, a fi tọmọ jẹ́ ẹ. Mo ti gbọ́ òwe yìí láti kékeré, mo rò pé ọ̀rọ̀ ọgbọ́n ẹnu lásán ni, pé kéèyàn tún iṣẹ́ tí wọ́n rán an ṣe kó má bàa bàjẹ́. Ọjọ́ tó yé mi ni mo rí i pé ohun tó ń sọ ni pé ẹni tó rán ẹ ló ni iṣẹ́ yẹn, àmọ́ kò ni bó o ṣe máa jẹ́ ẹ. Ibẹ̀ ṣì wà lọ́wọ́ ẹ, kò sí bó ṣe lè gbà á.

Àǹtí, kí ló dé tẹ́ ẹ fi máa ń mú ọ̀rọ̀ Lísàbí wọ gbogbo nǹkan?

Torí pé òun ló kọ́ mi pé èèyàn kì í dá nìkan gbòmìnira. Nínú orin Ẹ̀gbá, ilẹ̀ òmìnira ni wọ́n pe ìlú wa, à ń kọ ọ́ níbi ayẹyẹ, à ń jó sí i, àmọ́ mélòó nínú wa ló bi ara ẹ̀ bí òmìnira yẹn ṣe dé? Ṣáájú kí Abẹ́òkúta tó wà rárá, nígbà tí Ẹ̀gbá ṣì wà nínú igbó wọn lọ́hùn-ún, abẹ́ Ọ̀yọ́ ni wọ́n wà, àwọn ìlàrí, ìyẹn àwọn ìránṣẹ́ Aláàfin, ń gbé láàárín wọn, wọ́n ń gba ìṣákọ́lẹ̀, wọ́n ń ṣe bó ṣe wù wọ́n. Lísàbí Agbòǹgbò Àkàlà ò kọ́kọ́ pe ẹnikẹ́ni síjà. Àárò ló pè wọ́n sí. Ẹ wá bá mi ro oko mi lónìí, màá bá ẹ ro tìẹ lọ́la. Wọ́n ń ti oko dé oko, ìlú dé ìlú, wọ́n ń mọ ara wọn, wọ́n ń mọ ẹni tó ń mú àdéhùn ṣẹ àtẹni tí kì í mú un ṣẹ, lójú àwọn ìlàrí, àgbẹ̀ ń ṣiṣẹ́ àgbẹ̀ ni. Ìgbà tí àkókò tó ni ẹgbẹ́ àárò di ẹgbẹ́ Olórogùn, ẹgbẹ́ àwọn jagunjagun, wọ́n dìde lẹ́ẹ̀kan náà, Ẹ̀gbá sì bọ́ lọ́wọ́ Ọ̀yọ́.

Ohun tó máa ń dùn mọ́ mi nínú ìtàn yìí ni oko. Ẹni tó bá ti fi ẹnu ara ẹ̀ ní "màá wá lọ́la" tó sì wá, láìsí pé ẹnì kan lé e wá, onítọ̀hún ti ń kọ́ bí wọ́n ṣe ń jẹ́ ọmọ kó tó di pé wọ́n yọ idà. Nígbà tí ogun tú wọn ká níkẹyìn tí Ṣódẹkẹ́ kó wọn wá sábẹ́ Olúmọ ní 1830, ohun tí wọ́n gbé wá náà nìyẹn.

Ṣé Ẹ̀gbá fúnra wọn ò ní ẹrú ni?

Wọ́n ní. Mi ò ní pa irọ́ fún yín torí pé mo fẹ́ràn ìlú mi. Àwọn tó sá fógun wá sábẹ́ àpáta, tí wọ́n mọ bó ṣe ń rí kí wọ́n kóni lẹ́rú, àwọn náà rà, wọ́n sì tà. Ìyálóde Ẹfúnróyè Tinúbú tó wá ìbọn àti ẹ̀tù fáwọn ọmọ ogun wa nígbà tí Dàhòmì ń dojú kọ ìlú, ó ti fi ọwọ́ ara ẹ̀ ṣòwò ẹrú. Ọ̀rọ̀ yìí máa ń dùn mí, àmọ́ mo fẹ́ kó dùn mí, torí ó fi hàn pé èèyàn lè gba òmìnira ìta kó má sì tíì kúrò lọ́wọ́ ohun tó ń fi èèyàn ṣẹrú: ó kàn bọ́ sí ìdí okùn kejì ni.

Nílùú yìí kan náà ni Samuel Àjàyí Crowther ti rí ìyá ẹ̀. Wọ́n kó o lẹ́rú ní Òṣóògùn ní 1821, wọ́n tà á láti ọwọ́ dé ọwọ́, ọkọ̀ ogun ojú omi Gẹ̀ẹ́sì gbà á sílẹ̀ lójú òkun ní 1822, ó dàgbà sí Sàró, ìyẹn Sierra Leone, ó di àlùfáà. Ní 1846, lẹ́yìn ọdún márùndínlọ́gbọ̀n, tìyátọmọ pàdé ní Abẹ́òkúta. Mo ṣì máa ń rò ó pé kí ni wọ́n kọ́kọ́ sọ síra wọn.

Ṣé ẹni tó wà nínú ìdè lè lómìnira nínú?

Ó ṣeé ṣe. Lágbègbè Róòmù láyé àtijọ́, ẹrú kan wà tó ń jẹ́ Epictetus, wọ́n dá a sílẹ̀ nígbà tó yá, ó di olùkọ́. Ohun tó ń kọ́ àwọn èèyàn ò le rárá: àwọn nǹkan kan wà lọ́wọ́ wa, àwọn kan ò sí. Bí a ṣe rí ọ̀rọ̀, ohun tí a yàn, ohun tí a kọ̀, wọ́n wà lọ́wọ́ wa. Ara wa, owó wa, orúkọ wa lẹ́nu aráyé, wọn ò sí lọ́wọ́ wa pátápátá. Nelson Mandela ṣẹ̀wọ̀n ọdún mẹ́tàdínlọ́gbọ̀n, ní 1985 ìjọba ní àwọn á dá a sílẹ̀ tó bá lè sọ pé òun ò ní fara mọ́ ìjà mọ́, ó kọ̀. Ẹlẹ́wọ̀n tí wọ́n ṣílẹ̀kùn fún tó ní rárá, ta ló wà nínú ìdè níbẹ̀?

Èmi, iṣẹ́ mi ni mo fi ń wò ó. Tí a bá fẹ́ rẹ àdìrẹ oníko, a máa fi ìko so aṣọ yẹn níbi tí a fẹ́ kó funfun. Tó bá jẹ́ ẹlẹ́kọ, ẹ̀kọ la máa fi ya á. Lẹ́yìn náà la máa ri gbogbo ẹ̀ bọnú aró, kì í ṣe apá kan, gbogbo ẹ̀. Á mu aró, á dúdú, a ó yọ ọ́ sá, a ó tún rì í. Tí a bá wá tú okùn yẹn, funfun ṣì wà níbi tí a so. Aró dé ibẹ̀, kò kàn ráyè wọlé ni. Àmọ́ ẹ gbọ́ o, tí okùn bá dẹ̀, aró á wọ̀ ọ́, ẹkún ò sì lè fọ̀ ọ́ kúrò. Ẹni tí kò bá so ara ẹ̀ dáadáa kó tó dénú ìkòkò, inú ìkòkò kọ́ ló ti máa ráyè so ó.

Ohun kan tún wà tí mo gbọ́dọ̀ sọ níbí torí mo ti gbọ́ ọ lẹ́nu àwọn alágbára rí, wọ́n á ní ṣebí òmìnira tinú ló ṣe pàtàkì, kẹ́ ẹ máa mú sùúrù. Irọ́ ni. Ní ìlú yìí, láti 1918, wọ́n ń gba owó orí lọ́wọ́ àwọn obìnrin lọ́tọ̀, títí kan ọmọbìnrin ọdún 15, àwọn agbowó orí sì máa ń tú ọmọ láṣọ kí wọ́n fi mọ̀ bóyá ó ti tó gbà lọ́wọ́ ẹ̀. Ní 1947, ẹgbẹẹgbẹ̀rún obìnrin, ọlọ́jà, aláró, ìyá àgbà, tú jáde pẹ̀lú Fúnmiláyọ̀ Ransome-Kuti, wọ́n jókòó síwájú ààfin Aké, wọn ò lọ. Ní January 1949, Aláké Adémọ́lá Kejì kúrò lórí oyè. Àwọn obìnrin yẹn ti lómìnira nínú kí wọ́n tó dé Aké, òun gan-an ló gbé wọn débẹ̀. Tinú kì í ní ká jókòó sílé.

Mo jẹ gbèsè. Ṣé mo lè ní mo lómìnira?

Ìbéèrè yìí nìkan ni mo máa ń ti ṣọ́ọ̀bù kí n tó dáhùn. Nígbà tí màmá mi kú, àwọn ẹbí ní ìsìnkú ńlá la máa ṣe. Mo mọ̀ pé mi ò lówó ẹ̀. Mo ní bẹ́ẹ̀ ni. Mo yá owó lórí fóònù, ₦60,000 lákọ̀ọ́kọ́, mo tún yá òmíràn láti fi san ti àkọ́kọ́, ká tó wí ká tó fọ̀ mò ń jẹ ibi mẹ́rin. Nígbà tí mo pẹ́ san, wọ́n fi mẹ́sẹ́ẹ̀jì ránṣẹ́ sí gbogbo nọ́ńbà tó wà nínú fóònù mi, oníbàárà mi, pásítọ̀ mi, tíṣà ọmọ mi, wọ́n fi fọ́tò mi síbẹ̀, wọ́n ní olè ni mí. Mi ò lè jáde fún ọjọ́ mẹ́ta.

Láyé àwọn bàbá wa, ẹni tó yáwó tí kò rówó san lè fi ara ẹ̀ tàbí ọmọ ẹ̀ ṣe ìwọ̀fà. Ohun tó burú nínú ìwọ̀fà ni pé iṣẹ́ tó ń ṣe lójoojúmọ́ fún olówó ẹ̀, èlé lásán ni, ojú owó ṣì wà níbẹ̀ bó ṣe wà. Ó lè ro oko fọ́dún mẹ́wàá kí gbèsè má fi kọ́bọ̀ kan dín. Bó ṣe ń ṣe mí gan-an nìyẹn. Mò ń rẹ aṣọ, mò ń tà, èlé ni mò ń rẹ.

Ohun tó yọ mí: mo jókòó mo kọ gbogbo gbèsè sínú ìwé kan, mo gbé e lọ bá ẹ̀gbọ́n mi obìnrin, mo sọ òótọ́ ọ̀rọ̀ fún un, ìgbà àkọ́kọ́ tí mo fẹnu ara mi sọ ọ́ nìyẹn. Kò bú mi. Ó ní ká jọ dá àjọ, kí n kọ́kọ́ kó. Oṣù mọ́kànlá ni mo fi san án tán. Ẹni tó bá wà nínú irú ẹ̀ báyìí, ẹ mọ̀ pé láti 2022 ni FCCPC, àjọ ìjọba àpapọ̀ tó ń dáàbò bo àwọn oníbàárà, ti gbé ìlànà jáde fáwọn tó ń yáni lówó lórí fóònù, wọ́n ní láti forúkọ sílẹ̀, wọn ò sì lẹ́tọ̀ọ́ láti máa dójú tini lọ́dọ̀ àwọn tí a mọ̀, ẹ lè fẹjọ́ sùn. Nípa ìbéèrè yẹn gangan: bẹ́ẹ̀ ni, ẹ lè lómìnira kẹ́ ẹ tó san gbèsè tán. Tèmi bẹ̀rẹ̀ lálẹ́ ọjọ́ tí mo la ìwé yẹn síwájú ẹ̀gbọ́n mi, kọ́bọ̀ kan ò sì tíì dín.

Báwo ni mo ṣe máa sọ rárá fún òbí tàbí àgbà láìjẹ́ pé mo rí wọn fín?

Ẹ kúnlẹ̀, ẹ dọ̀bálẹ̀. Òótọ́ ni mò ń sọ. Àwọn ọ̀dọ́ rò pé tí wọn ò bá ti jágbe, rárá wọn ò ní jẹ́ rárá. Mo kúnlẹ̀ níwájú bàbá kan nínú ẹbí màmá mi, mo ní "Bàbá, ẹ̀ ń gbó, ẹ̀ ń tọ́ o, mi ò lè ra aṣọ ẹbí yìí, mi ò ní yáwó rà á, àmọ́ màá wá ṣiṣẹ́ níbẹ̀ látàárọ̀ ṣúlẹ̀." Ó bínú fún bí ọ̀sẹ̀ méjì. Mo lọ, mo fọ abọ́, mo pín oúnjẹ. Orúnkún tó wà nílẹ̀ ń bọ̀wọ̀ fún un, ọ̀rọ̀ tó jáde lẹ́nu jẹ́ tèmi, méjèèjì ò bára wọn jà rárá. Àmọ́ ẹ má fi sí orí fóònù o, ẹ dé ọ̀dọ̀ wọn.

Tó bá jẹ́ pé a ti yan orí látọ̀run, níbo ni òmìnira wà?

Nínú yíyàn yẹn ni. Àwọn baba wa ò ní wọ́n gbé orí fúnni lásán, wọ́n ní àkúnlẹ̀yàn wà, àkúnlẹ̀gbà wà, àyànmọ́ wà: ohun tí a fẹnu ara wa yàn, ohun tí wọ́n fún wa, ohun tó lẹ̀ mọ́ wa. Ilé tí wọ́n bí mi sí, mi ò yàn án tí mo rántí. Àmọ́ wọ́n tún ní ẹsẹ̀ wà, ọwọ́ wà, ìwà wà, orí rere tí ò bá rẹ́sẹ̀ rere bá lọ ò ní débi kankan. Ṣọ́ọ̀ṣì ni mò ń lọ, oníbàárà mi tó pọ̀ jù ń lọ mọ́ṣáláṣí, a máa ń jiyàn ẹ̀ títí, àmọ́ kò sí èyí nínú wa tó ní Ọlọ́run ò ní bi òun ní ohun tí òun ṣe.

Ẹnu aráyé ń bà mí lẹ́rù ńkọ́?

Sàpọ́n ò jìn síbí. Ṣe bó o ti mọ, ẹlẹ́wà Sàpọ́n. Gbogbo Yorùbá ló ń pa á lówe, lẹ́nu wa ni wọ́n sì ti gbé e. Iye tí owó ẹ bá tó ni kó o bù. Àwọn tó bú mi pé mi ò ra aṣọ ẹbí, mo bi ọ̀kan nínú wọn lẹ́yìn oṣù mẹ́ta, kò tiẹ̀ rántí.

Mi ò lè dárí ji ẹnì kan. Ṣé ìdè nìyẹn náà?

Mo rò bẹ́ẹ̀, àmọ́ mi ò ní fi ọ̀ranyàn mú yín. Ìbínú tó tọ́ wà, ti àwọn obìnrin Aké, ó níbi tó ń lọ. Èyí tó ń jókòó tini lálẹ́ tó ń bá wa tún ìjà ọdún márùn-ún ṣẹ́yìn jà, tí onítọ̀hún sì ń sùn nílé ẹ̀, ìyẹn ò níbi tó ń lọ. Ẹ ò ní láti bá a jẹun. Ẹ kàn má jẹ́ kó máa gbé lọ́dọ̀ yín lọ́fẹ̀ẹ́.

Níbo ni kí n ti bẹ̀rẹ̀?

Láti orí ohun kékeré, kó má jẹ́ lórí ìgbéyàwó yín tàbí iṣẹ́ yín. Ẹni tó ń kọ́ àdìrẹ, orí aṣọ ńlá kọ́ ló ti ń bẹ̀rẹ̀. Rárá kan lọ́sẹ̀ yìí sí ohun tẹ́ ẹ ò fẹ́, kẹ́ ẹ sọ ọ́ pẹ̀lẹ́. Bẹ́ẹ̀ ni kan sí ohun tẹ́ ẹ fẹ́ tẹ́ ẹ ti ń sá fún.

Ọmọ iṣẹ́ mi tí mo sọ lókè yẹn, láàárọ̀ ọjọ́ náà, nígbà tí mo rí ẹnu sọ̀rọ̀, mo ní "Mi ò mọ̀ o, kí lo fẹ́ ṣe?" Ó bú sẹ́kún. Ó tó ọ̀sẹ̀ mẹ́ta kó tó dáhùn ìbéèrè yẹn. Ó wá ní òun fẹ́ máa ya ẹlẹ́kọ nìkan, òun ò fẹ́ràn oníko, òun ò fẹ́ràn ẹ̀ rí, gbogbo ọdún tó lò lọ́dọ̀ mi kò sọ ọ́ lẹ́ẹ̀kan. Mo fún un ní igun kan nínú ṣọ́ọ̀bù, à ń pín owó rẹ́ǹtì. Lọ́jọ́ kan oníbàárà kan gbé aṣọ ẹ̀ wò, ó bi í léèló, ó dá iye kan, obìnrin yẹn pòṣé, ó ní ó wọ́n jù, ó yíjú sọ́dọ̀ mi kí n bá òun bá a sọ̀rọ̀. Èmi ò sọ nǹkan kan. Ọmọ náà rẹ́rìn-ín, ó ní "Ẹ má bínú, Mà, iye tó jẹ́ nìyẹn," ó ká aṣọ ẹ̀ padà. Obìnrin náà lọ. Ọmọ yìí tún tẹ́ òmíràn sórí tábìlì, ó mú ìyẹ́ ẹ̀, ó wá wo ọ̀dọ̀ mi, ó ní "Àǹtí, ẹ jọ̀ọ́, ẹ bá mi na abọ́ ẹ̀kọ yẹn."

Mo na án sí i.